Ọmọ Ìyá Ọ̀gákọ̀

Runswick, ọjọ́ kẹsàn-án oṣù kẹrin, 1758

Ambrose ọmọ mi,

Mo kí ọ kú ojú omi, mo kí ọ kú otútù, mo kí ọ kú wàhálà àwọn Faransé. Featherstone, akọ̀wé ìjọ wa, ló ń bá mi kọ ìwé yìí. O mọ̀ pé mo lè kàwé, ṣùgbọ́n ọwọ́ mi tó ti fi gbogbo ọjọ́ ayé rẹ̀ fi ìjẹ sẹ́nu ìwọ̀ ẹja kò yá sí gègé ìkọ̀wé. Bó o bá rí èdè ńlá nínú ẹ̀, tiẹ̀ ni, kì í ṣe tèmi.

Wọ́n ti gbé Jabez àbúrò rẹ lọ.

Lọ́jọ́ Ẹtì tó kọjá ni ọkọ̀ Good Intent ń darí bọ̀ láti Norway pẹ̀lú ẹrù pákó. A ti rí ìgbòkun rẹ̀ láti ẹnu ọ̀nà ilé. Margery ìyàwó Jabez ti gbé ìkòkò kaná. Oyún oṣù márùn-ún ló wà nínú ẹ̀, síbẹ̀ ó sáré sọ̀kalẹ̀ lọ sétí omi bí ọmọ ọdún méje. Ìgbà náà ni ọkọ̀ kékeré kan yọ láti ẹ̀yìn àpáta, ó lọ so mọ́ Good Intent lára. Àwọn ajínigbé Ọba ni. Ọkùnrin mẹ́sàn-án ni wọ́n kó kúrò nínú ẹ̀, wọn ò jẹ́ kí ẹnì kan nínú wọn fẹsẹ̀ kan ilẹ̀ lẹ́yìn oṣù mẹ́rin lójú omi. Jabez bọ́ fìlà rẹ̀, ó ń fì í sí wa. Margery rò pé ó ń kí òun ni. Ó ń rẹ́rìn-ín, ó ń juwọ́. Èmi ni mo ní láti sọ fún un pé kó sọ ọwọ́ ẹ̀ sílẹ̀.

Nígbà tí Good Intent gúnlẹ̀, ọ̀gá wọn, bàbá arúgbó tí wọn ò rí ohun tí wọ́n lè fi ṣe, sọ fún mi pé, "Ìyá Storr, wọ́n ní ọkọ̀ ogun Vigil làwọn ń kó wọn lọ."

Mo ní, "Vigil kẹ̀? Vigil ọmọ mi?"

Ó ní, "Ìyá, mi ò mọ ẹni tó ni ín. Ohun tí wọ́n sọ ni mo sọ."

Ambrose, ìwọ lọ̀gá Vigil. Ọkọ̀ tó wà níkàáwọ́ rẹ ló wá jí ọmọ lẹ́nu ọ̀nà wa. Ọdún kọkànlélógún rèé tó o ti kúrò nílé, mi ò bẹ̀ ọ́ fún ohunkóhun rí. Bàbá rẹ kú, o ò wá sin ín, mi ò sọ̀rọ̀. Mo ń bẹ̀ ọ́ lónìí. Wá àbúrò rẹ rí, kí o dá a padà fún mi kí ìyàwó ẹ̀ tó bí.

Èmi ni ìyá rẹ,
Dorcas Storr

Èmi Featherstone náà kí Ọ̀gákọ̀. Mo sọ fún ìyá yín pé "ajínigbé Ọba" kò bójú mu nínú ìwé. Wọ́n ní kí n kọ ọ́ bẹ́ẹ̀ tàbí kí n dìde lórí àga wọn.


Inú ọkọ̀ Vigil, níwájú Brest, ọjọ́ kejì oṣù kẹfà, 1758

Ìyá mi ọ̀wọ́n,

Mo kí yín tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀. Mo kí ìyàwó Jabez, mo kí Ọ̀gbẹ́ni Featherstone. Ìwé yín bá mi níwájú èbúté Brest, níbi tí à ń ṣọ́ àwọn Faransé bí ológbò ṣe ń ṣọ́ ihò eku. Ó di ọ̀sẹ̀ mẹ́ta tí a ti wà níbí. Bíà ti kan, ẹran oníyọ̀ sì ti le débi pé àwọn ọmọ ọkọ̀ ń fi í gbẹ́ ère.

Ẹ jọ̀wọ́, ẹ má pè wọ́n ní ajínigbé mọ́. Òfin ló ní kí a máa fi tipá kó àwọn atukọ̀ wọ ọkọ̀ ogun. Irinwó ọkùnrin ni ọkọ̀ mi ń fẹ́. Nígbà tí wọ́n fà á lé mi lọ́wọ́, wọn ò pé ọ̀ọ́dúnrún. Ta ló máa fa okùn? Ta ló máa gun òpó nínú ìjì? Bí mi ò bá rí ènìyàn tó pé, àwọn Faransé á jáde, wọ́n á dé etíkun yín, ẹ ó sì mọ ohun tó ń jẹ́ ajínigbé gan-an.

Ẹ rántí ibi tí mo ti bẹ̀rẹ̀, Ìyá. Ọmọ ọdún mẹ́rìnlá ni mí nígbà tí mo wọ ọkọ̀ èédú ní Whitby. Fúnra mi ni mo wọ iṣẹ́ Ọba, kò sẹ́ni tó mọ̀ mí, kò sẹ́ni tó bá mi kọ ìwé sí ìjòyè kankan. Àwọn igbákejì mi nínú ọkọ̀ yìí, ọmọ ìjòyè ni wọ́n. Carrington tó jẹ́ àgbà nínú wọn, bí mo bá ti jókòó sídìí tábìlì, á fi aṣọ ìnujú bo imú, á ní òun ń gbọ́ òórùn èédú. Bí mo bá tú ẹyọ ènìyàn kan sílẹ̀ torí pé ó jẹ́ ará ìlú mi, ìwé rẹ̀ á ti dé London kí alẹ́ tó lẹ́.

Mo ti wo ìwé orúkọ àwọn ọmọ ọkọ̀ láti òkè dé ìsàlẹ̀. Kò sí Jabez Storr níbẹ̀. Ó lè jẹ́ ọkọ̀ mìíràn ni wọ́n kó o lọ. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tó ń dùn mí. Nígbà tí Jabez pé ọmọ ọdún méjìlá, mo kọ̀wé pé kí ẹ jẹ́ kó wá bá mi. Ẹ̀yin àti Bàbá lẹ ní kí n fi ọ̀kan sílẹ̀ fún yín. Bó bá ti wá nígbà náà ni, òun náà ì bá ti di ọ̀gá lónìí, kò sẹ́ni tí ì bá dá a dúró lójú omi.

Mo fi tíì ránṣẹ́, àti aṣọ ìborùn kan fún Margery.

Ọmọ yín,
Ambrose Storr


Runswick, ọgbọ̀n ọjọ́ oṣù kẹjọ, 1758

Ambrose,

A dúpẹ́ pé ara rẹ le. Margery bí obìnrin ní ọjọ́ kẹsàn-án oṣù yìí. A sọ ọ́ ní Hester. Ó ní irun pupa, ohùn rẹ̀ sì ju ti ẹyẹ òkun lọ. Nígbà tí àlùfáà béèrè bàbá ọmọ, Margery ní, "Ọba ló mú un." Inú bí àlùfáà.

Tíì rẹ dé. Èmi mu ún, ó dùn. Margery ò fẹnu kàn án. Ó ní ohun tó wá láti inú ọkọ̀ tó gbé ọkọ òun kò ní gba ọ̀nà ọ̀fun òun kọjá. Ìborùn náà wà nínú àpótí.

Wàyí o, Featherstone ti fọwọ́ lé Bíbélì pé ohun tí mo fẹ́ sọ yìí kò ní kúrò láàárín àwa mẹ́ta. O ti pẹ́ lẹ́yìn odi, ó jọ pé o ti gbàgbé àṣà wa. Ọmọ Runswick tí wọ́n bá gbé kì í fi orúkọ bàbá rẹ̀ sílẹ̀ fún wọn. Orúkọ ilé tí wọ́n ti bí ìyá ìyá rẹ̀ ló máa ń sọ, kó lè jẹ́ pé bó bá ráyè sá, wọn ò ní wá kan ilẹ̀kùn ìyá rẹ̀. Ilé Pennock ni wọ́n ti bí ìyá mi. Storr kọ́ lo máa wá nínú ìwé rẹ. Pennock ni kí o wá.

Àbí báwo lo ṣe máa dá a mọ̀? Ọmọ ọdún mẹ́ta ni nígbà tó o lọ, èjìká rẹ ló ń gùn kiri. Ó ti ga jù ọ́ lọ. Irun bàbá yín ló wà lórí rẹ̀. Bó bá sì dúró, kì í lè dúró jẹ́ẹ́, àfi kó máa fi àtàǹpàkò nu ẹ̀yìn etí bí bàbá yín ṣe máa ń ṣe bí wọ́n bá bi í léèrè ọ̀rọ̀. Wo àwọn ènìyàn rẹ dáadáa. Ènìyàn ni wọ́n, wọn kì í ṣe okùn.

Ìyá rẹ,
Dorcas Storr


Inú ọkọ̀ Vigil, ọjọ́ karùn-ún oṣù kọkànlá, 1758

Ìyá mi,

Mo kí yín kú ewu ọmọ. Kí Ọlọ́run dá Hester sí.

Mo wá Pennock bí ẹ ṣe ní kí n ṣe. Kò sí i nínú ọkọ̀ mi. Ẹ má ṣe bi mí mọ́, ẹ kọ̀wé sí àwọn ọkọ̀ mìíràn.

Ohun kan ṣẹlẹ̀ tí ǹ bá má sọ fún yín, ṣùgbọ́n oúnjẹ ò lọ lẹ́nu mi láti ọjọ́ náà. Ìjì lé wa wọ Torbay nínú oṣù tó kọjá. Ọkùnrin kan, ọ̀kan nínú àwọn tó mọ òpó gùn jù nínú ọkọ̀ mi, bẹ́ sómi, ó fẹ́ lúwẹ̀ẹ́ dé èbúté. Àwọn sójà fi ọkọ̀ kékeré lé e bá. Ìyá, bí ẹjọ́ ẹni tó sá bá dé iwájú àwọn ọ̀gágun, wọ́n lè so ó rọ̀. Mo ní kí ẹjọ́ náà má jáde kúrò nínú ọkọ̀ mi. Mo ní kí wọ́n nà án ní pàṣán mẹ́rìnlélógún níwájú gbogbo èrò ọkọ̀, kó sì tán síbẹ̀. Ojú àánú ni mo fi wò ó. Èmi ni mo dúró ka òfin. Kò ké rárá. Ẹnu àwọn tó ń wòran ni mo ti gbọ́ igbe.

Ẹ má bínú, mi ò mọ ìdí tí mo fi ń kọ èyí sí ìyá mi. Ẹ bá mi dáhùn ohun kan péré. Nígbà tí Jabez ń dàgbà, kí ni ẹ máa ń sọ fún un nípa mi?

Ọmọ yín,
A. Storr


Runswick, ọjọ́ kejìlá oṣù kìíní, 1759

Ambrose,

Yìnyín ti dí ọ̀nà Whitby, ìdí nìyí tí ìwé rẹ fi pẹ́ kó tó dé. Ì bá sì kúkú sọnù.

Mo kà á. Mo tún un kà. O sọ iye pàṣán fún mi. O sọ ibi tí ọmọ ọlọ́mọ ti bẹ́ sómi. O sọ pé kò ké. Orúkọ rẹ̀ ńkọ́, Ambrose? Ọmọ ta ni? Láti ìlú wo? Ìwọ tó o máa ń dárúkọ gbogbo afẹ́fẹ́ tó bá fẹ́ lára ìgbòkun rẹ, o wá ṣe bí ẹni pé ọkùnrin yẹn ò lórúkọ. Bó bá jẹ́ pé ọmọ ẹlòmíì ni, kí ló dé tí oúnjẹ ò fi lọ lẹ́nu rẹ? Ó ti tó ọdún mẹ́wàá tó o ti ń na ènìyàn. O ò kọ èyíkéyìí sí mi rí.

Featherstone ní, "Ìyá Storr, ẹ rọra o, ọ̀gákọ̀ lẹ ń bá sọ̀rọ̀." Mo ní ọ̀gá tìrẹ nìyẹn, èmi ti nùdí fún un rí.

O bi mí ohun tí à ń sọ fún Jabez. Bí àwọn ọmọ àdúgbò bá lù ú, a óò ní, "Má sunkún mọ́, ẹ̀gbọ́n rẹ ń bọ̀." Bí àìsàn bá dá a dùbúlẹ̀, "Jẹun, kí ẹ̀gbọ́n rẹ lè bá ọ láyé." Nígbà tí bàbá yín kú, ọmọ ọdún mẹ́tàlá ni. Ọjọ́ mẹ́ta gbáko ló fi dúró létíkun, ó ní kí wọ́n má tíì bo sàréè, ẹ̀gbọ́n òun máa dé. Àwọn agbẹ́lẹ̀ ló lọ gbé e wálé nígbẹ̀yìn, ó ń ta wọ́n nípàá. Ohun tí à ń sọ fún un nìyẹn.

Kọ orúkọ ọkùnrin náà sí mi. Mi ò fẹ́ tíì, mi ò fẹ́ aṣọ. Orúkọ rẹ̀ ni mo fẹ́.

Dorcas Storr


Runswick, ọgbọ̀n ọjọ́ oṣù kẹrin, 1759

Ambrose,

Oṣù mẹ́ta ààbọ̀, mi ò gbúròó rẹ. Ọkọ̀ ẹja kan tó ti gúúsù bọ̀ sọ pé òun rí Vigil ní Plymouth, pé ẹ ti dákọ̀ró síbẹ̀, ẹ̀ ń ha ìdọ̀tí ìdí ọkọ̀. Ìyẹn ni pé kì í ṣe òkun ló ń dá ọ dúró mọ́.

Hester ti ń jókòó. Margery kì í bi mí léèrè mọ́, bí mo bá gba ìwé, á kàn gbé agbọ̀n ẹja rẹ̀, á bọ́ síta. Bí àbúrò rẹ bá ti kú, sọ fún mi. Mo ti sin ọkọ, mo sin ọmọ mẹ́rin láàárín ìwọ àti òun. Mo mọ bí wọ́n ṣe ń sìnkú. Èyí tí mi ò mọ̀ ni bí wọ́n ṣe ń jókòó báyìí.

Ìyá rẹ


Plymouth, ọjọ́ kọkànlélógún oṣù karùn-ún, 1759

Ìyá mi,

Ẹ kú ìfaradà. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ lé Featherstone jáde, kí ẹ ti ilẹ̀kùn, kí ẹ fúnra yín ka ìwé yìí. Mo kọ ọ́ gàdàgbà kí ojú yín lè gbé e.

Kò sú yín láti béèrè, ó ti sú mi láti parọ́. Orúkọ ọkùnrin náà ni Thomas Pennock. Jabez ni.

Mo ti mọ̀ ọ́n láti ọjọ́ àkọ́kọ́. Lọ́jọ́ tí wọ́n kó àwọn tuntun gòkè, mo ń yẹ̀ wọ́n wò lọ́kọ̀ọ̀kan. Mo dé iwájú ọkùnrin gíga kan tó ń fi àtàǹpàkò nu ẹ̀yìn etí. Mo rí bàbá mi lójú rẹ̀. Akọ̀wé ní, "Orúkọ?" Ó ní, "Thomas Pennock, láti Yorkshire." Mi ò gbàgbé àṣà wa, Ìyá. Ó wò mí lójú, ó sì dúró bí ẹni tó ń retí nǹkan. Carrington wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. Mo bọ́ sọ́dọ̀ ẹni tó kàn.

Ẹ̀rù ló bà mí. Bí mo ṣe tò ó tó yìí, mi ò rí orúkọ mìíràn tí mo lè pè é. Ẹ̀rù àwọn ọmọ ìjòyè tó ń fi aṣọ bo imú. Mo rò ó pé wọ́n á ní, "Ẹ ò rí i, ẹ̀gbọ́n lọ́gàá, àbúrò lẹ́rú, ìdílé èédú." Bí mo bá sì tú òun nìkan sílẹ̀, kí ni mo fẹ́ sọ fún àwọn mẹ́jọ tí wọ́n jọ kó wọn? Mo wá sọ fún ara mi pé màá rọra gbé e sókè díẹ̀díẹ̀, pé lọ́jọ́ kan, nígbà tó bá ti ní ipò, màá pè é wọlé, màá sọ fún un. Mo ń sún un síwájú láti oṣù dé oṣù. Mo máa ń dúró nísàlẹ̀, mo máa ń wò ó lórí òpó. Kò sẹ́ni tó mọ òpó gùn bíi tiẹ̀. Inú mi máa ń dùn, Ìyá. Ìyẹn gan-an ló ń tì mí lójú jù.

Lẹ́yìn náà ni ti Torbay. Kí wọ́n tó nà án, mo bi í níwájú gbogbo èrò pé, "Pennock, ṣé o ní ohunkóhun láti sọ fún mi?" Ọlọ́run ń gbọ́ mi, mo fẹ́ kó sọ ọ́. Bó bá ti pè mí ní ẹ̀gbọ́n ni, ǹ bá ju ìwé òfin yẹn sómi. Ó ní, "Rárá, ọ̀gá." Mo bẹ̀rẹ̀ sí í ka òfin. Ẹ wo bí mo ṣe ti ẹrù náà sí i lórí, pé òun ni kó kọ́kọ́ sọ ọ́. Èmi lẹ̀gbọ́n.

Nígbà tí ìwé yín ti oṣù kìíní dé, mi ò lè fèsì. Mo ń wá ọ̀nà. Nígbà tí a dé Plymouth, dókítà wa wá bá mi, ó ń rẹ́rìn-ín, ó ní, "Ọ̀gá, Pennock ń jẹ ọṣẹ kí ara rẹ̀ lè gbóná. Ṣé kí n fún un ní ohun tó máa mú un bì í jáde?" Mo ní, "Kọ ọ́ sílẹ̀ pé ibà ni." Ó wò mí títí, ó sì kọ ọ́. A kó Jabez mọ́ àwọn aláìsàn lọ sí ilé ìwòsàn tó wà lókè ilẹ̀. Gbogbo ayé ló mọ̀ pé ògiri ibẹ̀ kò ga. Ọjọ́ kẹrin ló fò ó.

Mo mú ìwé orúkọ, mo sì fi ọwọ́ ara mi kọ ọ́ síwájú orúkọ Thomas Pennock pé ó ti kú. Kò sẹ́ni tó máa ń wá òkú kiri. Kò sí sójà kankan tó máa dé Runswick. Ṣùgbọ́n Carrington ti ní òun fẹ́ wo ìwé náà. Bó bá tú u wò dáadáa, wọ́n á gba ọkọ̀ lọ́wọ́ mi, wọ́n á yọ orúkọ mi kúrò nínú iṣẹ́ Ọba. Ọdún mọ́kànlélógún lójú omi. Bó bá rí bẹ́ẹ̀, mi ò ní jiyàn.

Ẹsẹ̀ ni á fi rìn, ó lè pẹ́ kó tó dé. Bó bá dé, Ìyá, ẹ ka ìwé yìí sí i létí. Ẹ má yọ nǹkan kan sílẹ̀. Ẹ sọ fún un pé mo mọ̀ ọ́n, pé mo jẹ̀bi, àti pé èmi ni mo ṣí ọ̀nà fún un. Lẹ́yìn náà kí ẹ kọ̀wé sí mi bóyá ó gbà kí n wá kúnlẹ̀ bẹ̀ ẹ́. Ọkàn mi ò lè gbé e mọ́. Èyí nìkan ni mo ń tọrọ.

Ambrose


Runswick, ọjọ́ kẹrìndínlógún oṣù keje, 1759

Ambrose,

Fúnra mi ni mo ń kọ èyí. Ọjọ́ mẹ́rin ni mo fi kọ ọ́, nígbà tí wọn ò bá sí nílé. Má wo ìkọ̀wé.

Jabez ti dé. Ọjọ́ kejì oṣù yìí ló wọlé. Ó gba ẹ̀yìnkùlé wọlé, bàtà ò sí lẹ́sẹ̀ rẹ̀. Margery ń fọ ẹja lọ́wọ́. Ó ju ọ̀bẹ sílẹ̀, ó gbá a létí, ó wá dì mọ́ ọn. Hester sá fún un. Ó ti ń jẹ́ kó gbé òun báyìí.

Mo rí ẹ̀yìn rẹ̀. Mi ò ní sọ bó ṣe rí. Kì í fi ẹ̀yìn lélẹ̀ sùn.

Ṣùgbọ́n ó ń rẹ́rìn-ín, Ambrose. Gbogbo alẹ́ ló ń sọ ìtàn ọṣẹ. "Ìyá, mo fọgbọ́n tàn wọ́n! Dókítà ńlá, pẹ̀lú dígí lójú, ó ní ibà ni! Mo tan gbogbo ọkọ̀ ogun Ọba!" Àwọn ọkùnrin àdúgbò ń wá gbọ́ ọ. Wọ́n ń pè é ní Ọlọ́ṣẹ. Ohun kan ṣoṣo tó fi ọwọ́ ara rẹ̀ gbà nínú ọdún tí wọ́n gbà lọ́wọ́ rẹ̀ nìyẹn.

Mo ti gbé ìwé rẹ sórí itan, mo fẹ́ kà á sí i. Mo ní kí n kọ́kọ́ bi í. Mo ní, "Ọ̀gá yín ńkọ́?"

Ó nu ẹ̀yìn etí. Ó ní, "Ó wò mí lọ́jọ́ àkọ́kọ́. Kò dá mi mọ̀. Mo kọ́kọ́ bínú, mo ní bí kò bá mọ̀ mí, mi ò ní tọrọ nǹkan lọ́wọ́ rẹ̀. Ṣùgbọ́n báwo ló ṣe máa mọ̀ mí, Ìyá? Ọmọ ọdún mẹ́ta ni mí." Ó wá ní, "Nígbà tí wọ́n fẹ́ nà mí, ó bi mí bóyá mo ní ọ̀rọ̀ láti sọ. Mo wo ojú rẹ̀, ó ti rẹ̀ ẹ́. Mo ní bí mo bá sọ ọ́, á kó ìtìjú bá a láàárín àwọn olówó yẹn. Mo pa ẹnu mi mọ́ nítorí rẹ̀." Ó ní, "Torí pé bó bá mọ̀ ni, Ìyá, ṣé ó máa jẹ́ kí wọ́n nà mí?"

Mo dìde, mo fi ìwé rẹ sábẹ́ ìkòkò, ó jó.

O ní kí n kà á sí i kí ọkàn rẹ lè fúyẹ́. Bó bá fúyẹ́ lára tìrẹ, orí ta ló máa sọ̀ ọ́ kà? Pàṣán mẹ́rìnlélógún yẹn, ó ti lè gbé e. Ìdí tó fi lè gbé e ni pé ó gbà pé ẹ̀gbọ́n òun ò mọ̀. Bí mo bá kà á sí i, wọ́n á tún un nà, kò sì ní ní ẹ̀gbọ́n mọ́, kò ní ní ọṣẹ rẹ̀ pàápàá. O ti mú púpọ̀ lọ́wọ́ rẹ̀. O ò ní mú èyí.

Ìwọ ni mo kọ́kọ́ bí. Ẹrù tìrẹ ni. Gbé e.

Mi ò kọ̀ ọ́ lọ́mọ. Mo bínú sí ọ gidigidi, síbẹ̀ mo dúpẹ́ pé o kọ ọ́ síwájú orúkọ yẹn pé ó kú. Mo mọ ohun tó lè ná ọ. Bí wọ́n bá gba ọkọ̀ lọ́wọ́ rẹ, máa bọ̀ nílé, mi ò ní tìlẹ̀kùn. Bó o bá dé, Jabez á sáré pàdé rẹ létí omi, mo mọ̀ ọ́n. Kí o na ọwọ́ sí i. Kí o wò ó bí ẹni tí kò rí i rí. Kí o bi mí lójú rẹ̀ pé, "Ìyá, ṣé Jabez nìyí?" Bó bá sọ ìtàn ọṣẹ fún ọ, kí o rẹ́rìn-ín.

Má kọ ọ̀rọ̀ yìí sínú ìwé sí mi mọ́ láéláé. Láti ọ̀sẹ̀ tó kọjá ni Jabez ti ń lọ kọ́ ìwé kíkà lọ́wọ́ Featherstone. Ó ní òun fẹ́ máa fúnra òun ka lẹ́tà ẹ̀gbọ́n òun.

Ìyá rẹ